Owó orí l'Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́: ẹni tó kàn, bí wọ́n ṣe ń ṣírò rẹ̀, àti ibi tí ọ̀rọ̀ ti máa ń wọ́

Oníṣòwò kan lè ta ọjà ₦11,000,000 ní Akẹ̀sán láàárín ọdún kan kó má jẹ ìjọba ní kọ́bọ̀ owó orí. Télọ̀ kan ní Tákíè, tí gbogbo owó tó wọlé fún un lọ́dún kò ju ₦4,200,000 lọ, lè jẹ ₦190,500. Kò sí màgòmágó nínú ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì. Ohun tó ṣẹ́kù lẹ́yìn ìnáwó iṣẹ́ ni òfin ń bu owó orí lé, a ó sì ṣírò ti àwọn méjèèjì níwájú. Ẹni tí kò bá ní ìwé tó fi hàn bí òun ṣe náwó, wọn a fojú díwọ̀n tirẹ̀ fún un, ìwọ̀n ojú kì í sì í sábà ṣe ẹni tí wọ́n ń wọ̀n lóore.

Láti 1 oṣù kìíní 2026 ni òfin owó orí tuntun, tí Ààrẹ Tinubu fọwọ́ sí ní 26 oṣù kẹfà 2025, ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Bí ẹ bá rí tábìlì tó bẹ̀rẹ̀ láti 7% tó parí sí 24%, tàbí tí ẹnì kan ṣì ń sọ fún yín nípa ₦200,000 tí wọ́n máa ń kọ́kọ́ yọ sílẹ̀ fún gbogbo èèyàn, ti òfin àtijọ́ nìyẹn.

Àwọn tó kàn, àti àwọn tí kò kàn

Ẹnikẹ́ni tó ń gbé Nàìjíríà tí owó ń wọlé fún ló kàn: òṣìṣẹ́ ìjọba, tíṣà iléèwé aládàáni, dókítà, lọ́yà, àwọn tó ń fín igbá àti àwọn tó ń ṣe ìlù tà l'Ọ̀yọ́, onílé tó ń gba owó ilé, ọmọ LAUTECH tó ń bá àwọn ará Amẹ́ríkà ṣiṣẹ́ lórí kọ̀ǹpútà láti inú yàrá rẹ̀. Ti ẹni ìkẹyìn yìí máa ń fa àríyànjiyàn. Ẹni tó bá ń gbé Nàìjíríà, ibi yòówù kí owó rẹ̀ ti wá láyé, òfin ń kà á mọ́ ọn. Kò sí ọ̀gá tí yóò bá a yọ owó orí nínú dọ́là rẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ ni yóò ṣírò rẹ̀ sí náírà, tí yóò kọ ọ́ sílẹ̀, tí yóò sì san án.

Ibì kan wà tí ọ̀pọ̀ oníṣòwò ti ń ṣìnà. Wọ́n gbọ́ pé iléeṣẹ́ kéékèèké kò san owó orí mọ́, wọ́n sì rò pé ṣọ́ọ̀bù àwọn náà wà níbẹ̀. Kámpìnì tó ní Limited nídìí orúkọ ni wọ́n ń bá wí, èyí tí owó ọjà rẹ̀ kò ju ₦100,000,000 lọ lọ́dún, tí dúkìá rẹ̀ kò sì ju ₦250,000,000 lọ. Bó bá jẹ́ business name lẹ gbà ní CAC, iléeṣẹ́ ìjọba tó ń forúkọ òwò sílẹ̀, tàbí tí ẹ kò tilẹ̀ gba nǹkan kan, ẹ̀yin àti ṣọ́ọ̀bù yín ò yàtọ̀ lójú òfin. Èrè ṣọ́ọ̀bù ni owó tiyín, owó orí tiyín lẹ ó sì san lórí rẹ̀.

Àwọn tí kò kàn: ẹni tí owó oṣù rẹ̀ kò ju iye tó kéré jù tí ìjọba àpapọ̀ fi lélẹ̀, ₦70,000 lóṣù, ẹni tí ohun tó ṣẹ́kù fún un lẹ́yìn gbogbo àyọkúrò kò ju ₦800,000 lọ lọ́dún, ẹni tó ti fẹ̀yìn tì tó ń gba owó ìfẹ̀yìntì, àti owó ìdágbére tí wọ́n san fún un. Ẹni tí wọ́n dá dúró lẹ́nu iṣẹ́, owó gbà-má-bínú tí wọ́n fún un kò ní owó orí nínú títí dé ₦50,000,000.

Ẹ̀bùn kò ní owó orí nínú rárá. Owó tí ọmọ yín fi ránṣẹ́ láti Canada, owó tí ọkọ fún ìyàwó ná sílé, owó àjọ tí ó kàn yín láti kó, owó tí ẹ yá lọ́wọ́ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, kò sí èyí tó jẹ́ èrè iṣẹ́. Àláàtì tó dún lórí fóònù kò sọ ọ́ di owó tó ní owó orí. Oní POS ni kó fi èyí sọ́kàn jù: ó lè fi owó ẹgbẹẹgbẹ̀rún ránṣẹ́ fún àwọn èèyàn lójúmọ́, ṣùgbọ́n iye tó ń gbà lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan ni owó tirẹ̀. Kó máa kọ ọ́ sílẹ̀ lójoojúmọ́, nítorí ìwé báńkì rẹ̀ yóò máa fi í hàn bí olówó ńlá.

₦50 tí báńkì ń yọ nígbà tí ẹ bá fi ₦10,000 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ ránṣẹ́ kì í ṣe owó orí, owó òǹtẹ̀ ni. Tíkẹ́ẹ̀tì ọjà tí ìjọba ìbílẹ̀ ń já fún yín kì í ṣe owó orí náà. Sísan ọ̀kan kò yọ yín nínú èkejì.

Ìjọba wo lẹ ó san án fún?

Ibi tí ẹ ń gbé ló ń pinnu rẹ̀. Kì í ṣe ibi tí wọ́n ti bí yín, kì í sì í ṣe ẹni tó gbà yín síṣẹ́. Olùkọ́ ní Federal College of Education (Special) l'Ọ̀yọ́, tàbí ní Federal School of Surveying, Abuja ni owó oṣù rẹ̀ ti ń wá, síbẹ̀ Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ ló ni owó orí rẹ̀ nítorí ibẹ̀ ló ń gbé. Iléeṣẹ́ tó ń gbà á ni Oyo State Internal Revenue Service, tí a mọ̀ sí OYSIRS. Ìbàdàn ni olú iléeṣẹ́ wọn wà. Àwọn ọlọ́pàá ni wọ́n ń san tiwọn fún ìjọba àpapọ̀, lọ́wọ́ Nigeria Revenue Service, èyí tó rọ́pò FIRS.

Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tó kó lọ sí Kano tàbí Jos láti lọ ṣòwò, ìpínlẹ̀ tó ń gbé níbẹ̀ ló ni owó orí rẹ̀, bó ti wù kó kọ́ ilé tó nílé tó. Ìlọrin ló máa ń mú ọ̀rọ̀ dojú rú, nítorí kò jìnnà. Ẹni tó ní ilé sí Ìlọrin tó tún gba yàrá sí Ògbómọ̀ṣọ́ nítorí iṣẹ́, èyí tó súnmọ́ ibi iṣẹ́ rẹ̀ jù lọ ni wọ́n máa ń kà sí ibùgbé rẹ̀ fún owó orí. Bí Kwara àti Ọ̀yọ́ bá jọ ń béèrè, ẹ má ṣe san án lẹ́ẹ̀mejì kí wọ́n lè fi yín sílẹ̀. Ríṣíìtì èyí tẹ́ ẹ ti san àti ìwé ilé yín ni kí ẹ fi dá èkejì lóhùn.

Ìdá tí wọ́n ń bù

Owó tó bá ṣẹ́kù lẹ́yìn àyọkúrò ni wọ́n ń pín sí ìpele:

- ₦800,000 àkọ́kọ́: kò sí nǹkan kan
- ₦2,200,000 tó tẹ̀ lé e: 15%
- ₦9,000,000 tó tẹ̀ lé e: 18%
- ₦13,000,000 tó tẹ̀ lé e: 21%
- ₦25,000,000 tó tẹ̀ lé e: 23%
- ohun tó bá lé lórí ₦50,000,000: 25%

Ìpele kọ̀ọ̀kan ló ń dá jẹ́ ìdá tirẹ̀. Ẹni tó ní ₦5,000,000 kò ní san 18% lórí gbogbo rẹ̀, èyí tí ì bá jẹ́ ₦900,000. ₦800,000 bọ́ síta. 15% lórí ₦2,200,000 jẹ́ ₦330,000. 18% lórí ₦2,000,000 tó kù jẹ́ ₦360,000. Àpapọ̀ rẹ̀ ₦690,000. Nítorí náà, kò sí bí àfikún owó oṣù ṣe lè mú kí owó tó wọ àpò ẹnìkan dín kù ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, bí àwọn òṣìṣẹ́ kan ṣe máa ń bẹ̀rù.

Àwọn àgbà Ògbómọ̀ṣọ́ tó bá gbọ́ owó orí lè rántí 1969, nígbà tí ìjà owó orí ayé Àgbẹ́kọ̀yà gba ẹ̀mí Ṣọ̀ún tó wà lórí ìtẹ́. Ohun tó ń bí àwọn àgbẹ̀ nínú nígbà náà ni iye tí wọ́n bù lé wọn lórí, bóyá oko so, bóyá kò so. Ti ìsinsìnyí ń tẹ̀lé ohun tó wọlé, bí ẹni tó ń san án bá lè fi hàn pé báyìí ló wọlé.

Òṣìṣẹ́ olówó oṣù

Ọ̀gá yín ló ń yọ ọ́ lóṣooṣù, ohun tí wọ́n ń pè ní PAYE, ó sì gbọ́dọ̀ san án fún ìjọba kó tó kọjá ọjọ́ kẹwàá oṣù tó tẹ̀ lé e. Kó tó yọ ọ́, àwọn nǹkan wọ̀nyí ni yóò kọ́kọ́ bọ́ kúrò: owó ìfẹ̀yìntì tí ẹ dá sọ́dọ̀ PFA (iléeṣẹ́ tó ń tọ́jú owó ìfẹ̀yìntì), owó NHF (owó àjọ ilé kíkọ́ ìjọba àpapọ̀), owó NHIS (ètò ìlera), owó ìdíyelófò ẹ̀mí tẹ́ ẹ san, èlé lórí owó tẹ́ ẹ yá láti kọ́ ilé tí ẹ̀yin fúnra yín ń gbé, àti ìdá 20 nínú ọgọ́rùn-ún owó ilé tẹ́ ẹ san lọ́dún. Ti owó ilé yìí kò gbọdọ̀ ju ₦500,000 lọ.

Ẹ jẹ́ ká mú òṣìṣẹ́ kan l'Ọ̀yọ́ tó ń gba ₦150,000 lóṣù, tó ń dá 8% fún ìfẹ̀yìntì lórí gbogbo rẹ̀, tó sì ń san ₦300,000 lọ́dún fún owó ilé:

Owó oṣù ọdún kan: ₦1,800,000
Owó ìfẹ̀yìntì: ₦144,000
20% owó ilé: ₦60,000
Ohun tó kù: ₦1,596,000
Yọ ₦800,000 kúrò: ₦796,000
15% rẹ̀: ₦119,400, èyí tó jẹ́ ₦9,950 lóṣù

Òfin àtijọ́ ì bá gba ₦133,712 lọ́wọ́ ẹni yìí kan náà. Bí owó tí wọ́n ń yọ lọ́wọ́ yín láti ìbẹ̀rẹ̀ 2026 kò bá yí padà rárá, ẹ lọ bá akọ̀wé owó; ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé tábìlì àtijọ́ ṣì ni kọ̀ǹpútà wọn ń lò.

Òṣìṣẹ́ tó ń gba ₦80,000, iye tó kéré jù tí Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ fọwọ́ sí, ti kọjá ₦70,000 díẹ̀. Bó bá ń dá 8% lórí gbogbo rẹ̀ tí kò sì san owó ilé, ₦883,200 ló kù lọ́dún; 15% lórí ₦83,200 jẹ́ ₦12,480, ìyẹn ₦1,040 lóṣù. Bó bá ń san ₦200,000 fún owó ilé, ₦40,000 á tún bọ́ kúrò, ₦6,480 ni yóò san fún ọdún kan.

Àyọkúrò owó ilé yìí ni ọ̀pọ̀ ń pàdánù. Kò sẹ́ni tó máa bá yín rò ó: ẹ̀yin lẹ ó mú ìwé àdéhùn ilé àti ríṣíìtì fún ọ̀gá yín. Onílé tó bá ń gba owó lọ́wọ́ tí kì í kọ nǹkan kan, ẹ máa fi owó náà ránṣẹ́ láti báńkì, kí ẹ kọ "owó ilé" àti ọdún rẹ̀ sí i. Ẹni tó ń gbé ilé ara rẹ̀ tàbí agbo ilé wọn kò ní i.

Àléébù méjì ló wọ́pọ̀ jù lórí PAYE. Àkọ́kọ́ ni ọ̀gá tó ń yọ owó tí kì í san án fún ìjọba, pàápàá níbi tí wọn kì í fún òṣìṣẹ́ ní ìwé owó oṣù. Ẹ máa gba ìwé yẹn lóṣooṣù, kí ẹ sì tọ́jú rẹ̀. Lọ́dọọdún, kó tó di 31 oṣù kìíní, ó yẹ kí ọ̀gá ti fi orúkọ gbogbo òṣìṣẹ́ rẹ̀ àti iye tó yọ lọ́wọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan ránṣẹ́ sí OYSIRS. Ẹ béèrè bóyá orúkọ yín wà níbẹ̀. Èkejì ni ẹni tó ń ṣiṣẹ́ níbi méjì. Ọ̀gá kọ̀ọ̀kan ni yóò yọ ₦800,000 òfo náà fún un, bẹ́ẹ̀ ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni òfin fún un. Nígbà tí wọ́n bá da owó méjèèjì pọ̀, ìyókù á jáde bíi gbèsè. Kó ti máa fi ₦10,000 pamọ́ lóṣooṣù, nítorí 15% lórí ₦800,000 jẹ́ ₦120,000.

Oníṣòwò àti oníṣẹ́ ọwọ́

Ibí ni iṣẹ́ wà. Ẹni tó ń rà tó ń tà, ohun tí yóò kọ́kọ́ mọ̀ ni iye tó fi ra ọjà tó tà, kì í ṣe gbogbo ọjà tó rà lọ́dún náà. Ọjà tó wà nílẹ̀ ní ọjọ́ kìíní ọdún, fi èyí tó rà kún un, yọ èyí tó kù nílẹ̀ ní 31 oṣù kejìlá.

Oníṣòwò Akẹ̀sán tí a mẹ́nu bà: ọjà tó bá bẹ̀rẹ̀ ọdún ₦1,500,000, ó ra ₦9,800,000, ₦1,900,000 ló kù. Ohun tó tà ná an ní ₦9,400,000. Ó tà á ní ₦11,000,000, ó ku ₦1,600,000. Owó ṣọ́ọ̀bù ₦150,000, owó ọkọ̀ ₦380,000, owó ọmọbìnrin tó ń bá a tajà ₦240,000, ọ̀rá àti nǹkan wẹ́wẹ́ ₦40,000, gbogbo rẹ̀ ₦810,000. Èrè rẹ̀ ₦790,000, kò dé ₦800,000. Bó bá gbàgbé láti ka ọjà tó ṣẹ́kù ní òpin ọdún, èrè rẹ̀ á dà bí àdánù, ìyẹn á sì jẹ́ kí wọ́n fura sí gbogbo ìwé rẹ̀. Bó bá gbàgbé ti ìbẹ̀rẹ̀ ọdún, yóò san owó orí lórí èrè tí kò jẹ. Nítorí náà, ẹ ka ọjà yín lọ́jọ́ tí ọdún parí, kí ẹ kọ ọ́, kí ẹ kọ déètì sí i.

Ti télọ̀: ₦4,200,000 ló wọlé. Owó ṣọ́ọ̀bù ₦180,000. Òwú, ìtẹ́nú aṣọ, bọ́tìnnì àti síìpù ₦640,000. Epo jẹnẹrétọ̀ àti iná ₦460,000. Owó àwọn tó ń bá a rán aṣọ ₦720,000. Àtúnṣe ẹ̀rọ ₦90,000. Ó ná ₦2,090,000, ó jèrè ₦2,110,000. Owó ilé tó ń gbé jẹ́ ₦200,000, 20% rẹ̀ ₦40,000. Ó ku ₦2,070,000. Yọ ₦800,000, ó ku ₦1,270,000. 15% rẹ̀ ni ₦190,500 yẹn. Bí kò bá ní ríṣíìtì epo àti ti òwú, tí aṣojú owó orí kò sì gba ₦1,100,000 yìí wọlé, owó orí rẹ̀ á fò sí ₦360,600, nítorí apá kan rẹ̀ á bọ́ sí ìpele 18%.

Owó ṣọ́ọ̀bù bọ́ kúrò pátápátá. Owó ilé tẹ́ ẹ ń gbé, 20% péré ló bọ́. Ẹni tó ń tajà ní iyàrá iwájú ilé rẹ̀ yóò pín owó ilé náà sí méjì bó ṣe ń lò ó. Owó iléèwé ọmọ, aṣọ ẹbí, owó tẹ́ ẹ mú nínú àpótí ṣọ́ọ̀bù lọ ra oúnjẹ, kò sí èyí tó jẹ́ ìnáwó iṣẹ́. Ẹ̀rọ ìránṣọ tuntun tàbí mọ́tò tẹ́ ẹ rà kì í bọ́ kúrò lẹ́ẹ̀kan náà. Díẹ̀díẹ̀ ni òfin ń gbà yín láyè láti yọ ọ́ lọ́dọọdún. Bó bá jẹ́ ìwé àkọsílẹ̀ kan ṣoṣo lẹ lè tọ́jú, kó jẹ́ ti ìnáwó, nítorí báńkì ti ń bá yín tọ́jú ti owó tó ń wọlé.

Bí ẹ ó ṣe ṣe é

1. NIN yín ni nọ́ńbà owó orí yín báyìí. Rí i pé orúkọ àti ọjọ́ ìbí tó wà lórí rẹ̀ bá ti báńkì mu. Àìbáramu yìí ló ń dá ọ̀pọ̀ dúró.

2. Ẹ forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ OYSIRS. Ẹni tó yẹ kó forúkọ sílẹ̀ tí kò ṣe bẹ́ẹ̀, ìtanràn rẹ̀ ₦50,000 fún oṣù àkọ́kọ́, ₦25,000 fún oṣù kọ̀ọ̀kan lẹ́yìn rẹ̀.

3. Kó tó kọjá 31 oṣù kẹta, ẹ fi ìwé tó ń sọ iye tó wọlé fún yín ní ọdún tó kọjá ránṣẹ́. Òṣìṣẹ́ tó ní ilé tó ń gbowó lórí rẹ̀ tàbí iṣẹ́ mìíràn lẹ́gbẹ̀ẹ́ kò gbọdọ̀ rò pé PAYE ti parí ọ̀rọ̀. Ẹni tí kò jẹ kọ́bọ̀ náà, kó fi ránṣẹ́. Àìfiránṣẹ́ jẹ́ ₦100,000 fún oṣù àkọ́kọ́, ₦50,000 fún oṣù kọ̀ọ̀kan lẹ́yìn náà, èyí tó lè ju owó orí fúnra rẹ̀ lọ.

4. Ẹ san án sí àpò ìjọba nípasẹ̀ báńkì tàbí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ẹ gba ríṣíìtì tó ní orúkọ yín àti ọdún tí owó náà wà fún. Ẹ má fi owó lé ẹnikẹ́ni lọ́wọ́, ì báà wọ aṣọ iṣẹ́. Òfin kò gba ẹnikẹ́ni láyè láti dábùú ọ̀nà nítorí owó orí.

5. Ẹ tọ́jú gbogbo ìwé fún ọdún mẹ́fà. Inki ríṣíìtì ilé epo kì í pẹ́ kó tó pa rẹ́, ẹ yà á ní fọ́tò lọ́jọ́ tẹ́ ẹ gbà á.

Bí iye tí wọ́n kọ bá pọ̀ jù

Ìwé tí OYSIRS bá kọ sí yín pé iye báyìí lẹ jẹ, 30 ọjọ́ lẹ ní láti kọ̀ ọ́, láti ọjọ́ tó tẹ̀ yín lọ́wọ́. Ẹ kọ déètì yẹn sí ẹ̀yìn ìwé náà lójú ẹsẹ̀. Lẹ́tà ni wọ́n ń fi kọ̀ ọ́. Lílọ bá ọ̀gá kan ní ọ́fíìsì láti bẹ̀ ẹ́ kò dá ọjọ́ dúró. Nínú lẹ́tà náà, ẹ sọ ibi tí ìṣirò wọn ti ṣì, iye tẹ́ ẹ gbà pé ó wọlé fún yín àti iye owó orí tó yẹ lórí rẹ̀, kí ẹ so ẹ̀dà àwọn ìwé yín mọ́ ọn. Ẹ mú ẹ̀dà kejì dání kí wọ́n lù ú ní òǹtẹ̀ pé àwọn ti gbà á. Bí 30 ọjọ́ bá kọjá, iye tí wọ́n kọ ti dúró nìyẹn. Bí wọ́n bá gbọ́ tí wọn kò gbà, Tax Appeal Tribunal, ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ owó orí, ló kù. Ti ẹkùn wa wà ní Ìbàdàn.

Ìwé tax clearance

Ìwé yìí ló ń fi hàn pé ẹ ti san owó orí yín. Kọ́ńtíráàtì ìjọba, ìwé ilẹ̀ àti fọ́ọ̀mù ìdíje ìbò ló sábà máa ń mú èèyàn sáré lọ gbà á, ìgbà yẹn ni wọ́n sì máa ń rí i pé ọdún mẹ́ta tó ṣáájú ni ìwé náà ń sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀. Ẹni tí kò fi nǹkan kan ránṣẹ́ rí yóò san ọdún mẹ́ta pa pọ̀, lórí iye tí wọ́n fojú díwọ̀n, nígbà tí àkókò tí yóò fi jiyàn kò sí. Òṣìṣẹ́ tó bá ti pààrọ̀ iṣẹ́ láàárín ọdún mẹ́ta náà, kó lọ gba ìwé ẹ̀rí PAYE lọ́wọ́ ọ̀gá àtijọ́ kó tó lọ, pàápàá bí ibẹ̀ bá jẹ́ ìpínlẹ̀ mìíràn. Bí ìwé náà bá sì jáde, ẹ yẹ orúkọ, NIN àti iye owó tó wà lábẹ́ ọdún kọ̀ọ̀kan wò kí ẹ tó kúrò ní ọ́fíìsì.